Ọkùnrin Tó Jẹ́jẹ̀ẹ́ Pé Òun Ò Ní Kú Mọ́: Ìgbésí Ayé Alàgbà Masao Dúrósinmí Kuribara (1924–1988)

Nígbà òtútù ọdún 1924 ni wọ́n bí Alàgbà Masao Dúrósinmí Kuribara sí ìlú Yaizu, ìlú àwọn apẹja létí òkun ní ilẹ̀ Japan. Apẹja ni bàbá wọn, apẹja ni bàbá tó bí bàbá wọn, kò sì sí ẹnì kan nínú ìran náà tó ka iṣẹ́ mìíràn sí iṣẹ́. Ìyá wọn a máa tún àwọ̀n tó ya ṣe lójú ọ̀nà, gbogbo ẹni tó bá sì kọjá níbẹ̀ ni ìyá yìí máa ń sín jẹ. Bàbá tí à ń dárò yìí a máa sọ pé ẹ̀yìn ìyá àwọn ni àwọn ti kọ́ iṣẹ́ òṣèré. Ẹ má jẹ́ kó yà yín lẹ́nu, wọ́n ń pọn ọmọ ní Japan náà.

Ẹni tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ rí orúkọ tó wà níwájú ìwé yìí lè rò pé àwọn atẹ̀wé ló ṣàṣìṣe. Kò sí àṣìṣe kankan níbẹ̀. Ọmọ Japan ni Bàbá, Dúrósinmí sì ni orúkọ wọn. Bí orúkọ náà ṣe dé ọ̀dọ̀ wọn, àti ohun tó gbà lọ́wọ́ wọn, ni a fẹ́ sọ fún yín, ẹ̀yin tí ẹ fi iṣẹ́ àti ìsinmi yín sílẹ̀ wá bá wa dárò lónìí.

Ní 1931, wọ́n fi Bàbá sí ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ní Yaizu. Wọn kò mọ ìṣirò, wọn kò sì fi bò. Ṣùgbọ́n nígbà tí àwọn ọmọ fẹ́ ṣe eré ìparí ọdún, tíṣà ní kí wọ́n ṣe arúgbó obìnrin kan tó ń wá ọmọ rẹ̀ kiri. Bàbá wọn tó ti etí òkun wá wòran kò mọ̀ pé ọmọ òun ni. Nígbà tí arúgbó náà gba àárín èrò kọjá, ọkùnrin náà dìde, ó sì fi àga rẹ̀ sílẹ̀ fún un. A ti gbọ́ ìtàn yìí lẹ́nu Bàbá débi pé àwa náà lè sọ ọ́ lójú oorun.

Wọ́n fi ilé ìwé sílẹ̀ ní 1938, wọ́n sì bá bàbá wọn wọ ọkọ̀. Òkun kọ̀ wọ́n. Bí ọkọ̀ bá ti kúrò létí omi ni wọ́n á bẹ̀rẹ̀ sí í bì, ó di ìgbà tí wọ́n bá padà gúnlẹ̀. Ọmọ apẹja tí òkun kọ̀, ẹ̀yin náà mọ bí ará ìlú ṣe máa ń ṣe sí irú rẹ̀. Ní 1944, ìjọba mú wọn wọ iṣẹ́ ogun. Nígbà tí wọ́n fi máa padà délé ní 1945, ìyá wọn ti kú, ilé wọn sì ti jóná. Bàbá kì í sọ̀rọ̀ ogun, àwa náà kò sì ní sọ jù báyìí lọ.

Ní 1947, Bàbá bá ẹgbẹ́ òṣèré kan tó ń ti ìlú dé ìlú lọ. Nígbà tó di 1950, wọ́n wọ fíìmù fún ìgbà àkọ́kọ́ ní Tokyo. Olè ni wọ́n ṣe, wọ́n sì fi ọ̀kọ̀ gún olè náà pa kí fíìmù tó dé ìdajì. Ó jọ pé inú àwọn olùdarí dùn sí bí wọ́n ṣe kú, nítorí láti ìgbà náà lọ, pípa ni gbogbo wọn ń pa Bàbá. Fún ogún ọdún ó lé, Bàbá ṣe ọlọ́pàá, wọ́n ṣe jàgùdà, wọ́n ṣe àlùfáà, dókítà, ọlọ́tí, awakọ̀ tákìsí, wọ́n ṣe ẹni tó ń gbẹ́ sàréè, wọ́n tilẹ̀ tún ṣe ìyá àgbà. Ẹni tó rí wọn ní àlùfáà lóṣù yìí kò ní dá wọn mọ̀ ní jàgùdà lóṣù tó ń bọ̀. Ojú wọn kò lẹ́wà tó ti olórí òṣèré, wọn kò sì jẹ́ olórí òṣèré rí. Àwọn òǹwòran ní Japan a máa sọ pé kí ohun ìpanu ọwọ́ èèyàn tó tán, Kuribara ti kú.

Ọ̀nà tí Bàbá ń gbà ṣiṣẹ́ yàtọ̀. Bí wọ́n bá ní kí wọ́n ṣe onígbàjámọ̀, wọn kò ní jókòó sílé máa ka ọ̀rọ̀ tí wọ́n fẹ́ sọ. Wọ́n á wá onígbàjámọ̀ lọ, wọ́n á máa bá a gbálẹ̀ ṣọ́ọ̀bù, wọ́n á máa wo ọwọ́ rẹ̀. Nígbà tí wọ́n fẹ́ ṣe ẹni tó ń gbẹ́ sàréè, wọ́n bá wọn gbẹ́ sàréè títí àtẹ́lẹwọ́ wọn fi bó. Ọ̀rọ̀ wọn ni pé, "Ọwọ́ oníṣẹ́ ni kí ẹ kọ́kọ́ jí. Ojú á tẹ̀lé e." Àwọn ọ̀dọ́ ìjọ wa tí wọ́n kọ́ ní eré mọ ọ̀rọ̀ yìí dáadáa.

Ní 1953, Bàbá fẹ́ Setsuko, ọmọbìnrin aránṣọ kan ní Tokyo. Ọlọ́run kò fún wọn lọ́mọ. Àìsàn ẹ̀dọ̀fóró mú ìyá yìí lọ ní 1966, ẹ̀yìn ìgbà náà ni Bàbá fi gbogbo ara bọ́ sínú iṣẹ́ àti ọtí. Nígbà tó fi máa di ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970, tẹlifíṣọ̀n ti gba èrò lọ́wọ́ sinimá ní Japan, fíìmù dín kù, òṣèré pọ̀. Bàbá sọ fún wa pé nígbà yẹn, bí àwọn bá kú nínú fíìmù, ó máa ń wu àwọn pé kí àwọn má wulẹ̀ dìde.

Ọlọ́run kò fẹ́ bẹ́ẹ̀. Ní 1974, ilé iṣẹ́ fíìmù kan láti Japan wá ya fíìmù nípa àwọn awakọ̀ òkun ní Pasadena, lẹ́bàá Houston níbí, níbi tí àwọn ọkọ̀ ńláńlá ti ń gba àárín àwọn ilé ìfọpo kọjá. Bàbá wà lára àwọn tó wá. Wọ́n jábọ́ láti orí àkàbà, itan wọn sì ṣẹ́. Àwọn yòókù parí iṣẹ́, wọ́n padà sílé, wọ́n fi Bàbá sílẹ̀ ní ọsibítù ní Houston. Níbẹ̀ ni wọ́n ti pàdé Nọ́ọ̀sì Evelyn Ọmọ́yẹni, ọmọ Ìkìrun. Opó ni Evelyn nígbà náà. Jàm̀bá ọkọ̀ lórí Southwest Freeway ti gba ọkọ àárọ̀ wọn, Ọ̀gbẹ́ni Ọláwọlé, lọ́wọ́ wọn ní 1971, wọ́n sì ń dá tọ́ ọmọkùnrin wọn, Olúdayọ̀.

Kí Bàbá tó lè fi igi rìn dáadáa ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí í sín Nọ́ọ̀sì jẹ, bí wọ́n ṣe ń wọ́ bàtà, bí wọ́n ṣe ń wo aago. Gbogbo wọ́ọ̀dù ń rẹ́rìn-ín. Inú bí Nọ́ọ̀sì, wọ́n sì fi Yorùbá bá Bàbá wí: "Ìwọ ọkùnrin yìí, o ò ní gbọ́ràn." Bàbá mi orí, wọ́n sì dáhùn pẹ̀lú ohùn kan náà láìyẹ̀: "Ìwọ ọkùnrin yìí, o ò ní gbọ́ràn." Èyí ni gbólóhùn Yorùbá àkọ́kọ́ tí Bàbá mọ̀. Wọ́n fi kí Wòlíì Cornelius Olúdọ̀tun, olórí ìjọ wa, lọ́jọ́ tí Wòlíì wá gbàdúrà fún àwọn aláìsàn.

Nígbà tí itan san, Bàbá kò padà sí Japan. Wọ́n rí iṣẹ́ ògbufọ̀ ní èbúté, wọ́n ń túmọ̀ ọ̀rọ̀ fún àwọn awakọ̀ òkun Japan tó bá gúnlẹ̀. Lọ́jọ́ Sunday wọ́n á wà ní ìjọ wa ní àdúgbò Sharpstown, láàárín ṣọ́ọ̀bù tó ń ta kápẹ́ẹ̀tì àti ilé ìfọṣọ, wọ́n á wọ aṣọ funfun, wọ́n á bọ́ bàtà. Bíbọ́ bàtà kò ṣòro fún wọn rárá. Wọ́n ní láti kékeré ni wọ́n ti mọ̀ pé a kì í wọ bàtà wọ ibi tó dára.

Ní 1976, Ìyá Sìkírátù, ìyá tó bí Evelyn, wá láti Ìkìrun láti wo ọkùnrin tó fẹ́ fẹ́ ọmọ wọn. Mùsùlùmí ni Ìyá, ìrun wọn kì í yẹ̀. Bí Ìyá ṣe jókòó sórí àga ní apartment Evelyn ni Bàbá wọlé, wọ́n kúnlẹ̀ bí wọ́n ṣe ń kúnlẹ̀ fún àgbà ní Japan, wọ́n sì forí kanlẹ̀. Ìyá sá sẹ́yìn pẹ̀lú àga. Wọ́n ní, "Ẹ bá mi gbé e dìde. Ọlọ́run nìkan là ń forí kanlẹ̀ fún." Wòlíì Cornelius tó jẹ́ alárinà sọ pé, "Ìkúnlẹ̀ tiẹ̀ kọ́ ni ti ọkùnrin. Brother Masao, ìyàwó ló ń kúnlẹ̀ o, ọkọ ń dọ̀bálẹ̀ ni." Ẹ̀rín sọ. Bàbá kò bínú. Wọ́n ní kí Olúdayọ̀ dọ̀bálẹ̀ kí àwọn wò ó, wọ́n wò ó dáadáa, ọwọ́, àyà, àtàǹpàkò ẹsẹ̀. Láti ọjọ́ náà, wọ́n ń dọ̀bálẹ̀ lórí kápẹ́ẹ̀tì apartment wọn lójoojúmọ́ títí ìgbọ̀nwọ́ wọn fi bó. Nígbà tí wọ́n tún fi máa dé iwájú Ìyá, ìdọ̀bálẹ̀ wọn ti dà bíi ti ọmọ ọba.

Bí kì í bá ṣe pé ẹnì kan fẹ́ ṣe Bàbá lóore, ọ̀rọ̀ ì bá ti parí síbẹ̀. Evelyn gbọ́ pé wọ́n fẹ́ fi àwọn fíìmù Japan àtijọ́ hàn ní yunifásítì kan ní àdúgbò Third Ward, wọ́n sì ní kí Ìyá wá rí i pé ọkọ tí àwọn fẹ́ fẹ́ kì í ṣe ẹni yẹpẹrẹ. Ìyá jókòó, Bàbá jókòó tì wọ́n. Fíìmù kìíní, wọ́n fi idà gé Bàbá lulẹ̀. Ìyá yíjú wò wọ́n.

"Ìwọ kọ́ nìyẹn?"

"Èmi ni, Ìyá."

Fíìmù kejì, Bàbá di àlùfáà, òjò dídì sì pa àlùfáà náà sójú ọ̀nà. Ìyá tún wò wọ́n. Fíìmù kẹta, Bàbá di apẹja, òkun gbé e lọ, wọ́n tẹ́ òkú rẹ̀ sórí iyanrìn, eṣinṣin ń bà á lójú, kò ṣẹ́jú. Níbẹ̀ ni Ìyá ti di Bàbá lọ́wọ́ mú nínú òkùnkùn, wọ́n sì ń fọwọ́ tẹ ọrùn ọwọ́ wọn láti mọ̀ bóyá ó gbóná. Wọn kò fi í sílẹ̀ títí iná fi tàn.

Nínú ọkọ̀, lórí freeway, Ìyá yíjú sí ọmọ wọn. Wọ́n ní, "Ọmọ́yẹni, àbíkú ni ọkùnrin yìí."

Olúdayọ̀ tó jókòó sẹ́yìn ní, "Màmá àgbà, it's just a movie. Wọ́n kàn ń ṣeré ni."

Ìyá ní, "Àwọn tí mo bí náà, eré ni wọ́n ń ṣe."

Ó yẹ kí ẹ mọ̀ pé kí Ìyá tó bí Evelyn, àwọn ọmọ kan ti wá, wọ́n sì ti padà. Àwọn ẹbí ló sin àwọn ọmọ náà. Gẹ́gẹ́ bí àṣà wa, Ìyá kò tẹ̀lé ìkankan nínú wọn dé ibojì, nítorí òbí kì í sin ọmọ. Ẹni tí ejò bá ti bù jẹ rí, bó bá rí ekòló, á sá. Èèyàn tó ń kú, tó ń pa ojú dà, tó tún ń padà wá láti kú, kí ni Ìyá ì bá pè é? Ọmọ wọn sì ti fi aṣọ dúdú sin ọkọ kan.

Lọ́jọ́ Sunday tó tẹ̀lé e, Ìyá pe Bàbá jókòó níwájú Wòlíì. Wọ́n ní, "Ọmọ mi ti wọ aṣọ ọ̀fọ̀ lẹ́ẹ̀kan. Mi ò ní fà á lé ọwọ́ ẹni tó mọ ọ̀nà ọ̀run tó báyìí. Bó o bá máa fẹ́ ẹ, o ò gbọdọ̀ kú mọ́, ìbáà ṣe eré, ìbáà ṣe òótọ́."

Evelyn túmọ̀ rẹ̀. Bàbá ronú sí i. Wọ́n ní, "Ìyá, ti òótọ́ kò sí lọ́wọ́ mi."

"Ti eré ń kọ́?"

"Ti eré wà lọ́wọ́ mi."

Ìyá ní, "Fún mi ní ti eré. Màá bá Ọlọ́run sọ ti òótọ́."

Bàbá dọ̀bálẹ̀, wọ́n sì jẹ́jẹ̀ẹ́. Ìyá bá fún wọn lórúkọ tí wọ́n ń sọ irú ọmọ bẹ́ẹ̀ kó lè dúró: Dúrósinmí. Òkú tí ẹ ń wò yìí, ẹ jọ̀ọ́, nǹkan bí ọdún mẹ́wàá ni Ìyá fi jù wọ́n lọ, ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà, "ìwọ ọmọ yìí" ni wọ́n ń pè wọ́n. Ní December 1976, Wòlíì Cornelius so Bàbá àti Evelyn pọ̀. Ní 1978, Ọlọ́run fi Fúnmi Haruko ta wọ́n lọ́rẹ, Bàbá sì fi ẹnu ara wọn sọ fún gbogbo ìjọ pé, lẹ́ni ọdún mẹ́rìnléláàádọ́ta, àwọn ṣẹ̀ṣẹ̀ wáyé ni.

Ẹ̀jẹ́ yìí kò rọrùn fún òṣèré. Bàbá a máa rí iṣẹ́ díẹ̀díẹ̀ nínú tẹlifíṣọ̀n àti ìpolówó ọjà níbí, wọ́n ṣe ọmọ Ṣáínà, wọ́n ṣe ọmọ Kòríà, wọ́n ṣe ọmọ Vietnam, gbogbo ohun tí òyìnbó bá ṣáà rò pé ojú wọn jọ. Bí wọ́n bá ti gbé ìwé eré lé wọn lọ́wọ́, ẹ̀yìn ni wọ́n ti máa ń ṣí i. Bí ẹni tí wọ́n fẹ́ ṣe bá kú, wọ́n á dá a padà pẹ̀lú ìdúpẹ́. Ẹ wo iye iṣẹ́ tó bá bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí nínú eré òyìnbó, irú àwọn Bàbá ni wọ́n kọ́kọ́ ń pa.

Ní ìjọ wa náà, a jẹ nínú ìṣòro ẹ̀jẹ́ yìí. Láti 1979 ni Bàbá ti jẹ́ olùdarí ẹgbẹ́ eré ìjọ. Wọ́n ṣe Fáráò, ṣùgbọ́n Fáráò ti Houston kò bómi lọ. Bí Òkun Pupa bá ti là, á ní òun gbàgbé nǹkan sílé, á sì yíjú padà. Àwọn ọ̀dọ́ ní kí wọ́n ṣe Gòláyátì, wọ́n yan Jésè, bàbá Dáfídì. Nígbà tí wọ́n bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n ṣe Lásárù, pé Lásárù á sáà jíǹde, Bàbá ní, "Ó máa kọ́kọ́ dùbúlẹ̀ ná." Wọ́n bá wa yí òkúta ẹnu ibojì kúrò. Àwọn tó wà níbẹ̀ lè jẹ́rìí pé òkúta páálí tí kò wúwo ju ìrọ̀rí lọ ni, síbẹ̀ bí Bàbá ṣe ń tì í, àwa tí a jókòó ń làágùn. Ní 1983, wọ́n fi wọ́n jẹ alàgbà.

Bàbá lawọ́ púpọ̀. Kò sí ọmọ Nàìjíríà tuntun ní Sharpstown tí wọn kò bá wá ilé tàbí gbé lọ ṣe ìwé awakọ̀. Àwọn kan ń rò pé Bàbá gbọ́ Yorùbá ju bí wọ́n ṣe gbọ́ ọ lọ. Òótọ́ ibẹ̀ ni pé wọn kì í mọ gbogbo ọ̀rọ̀, ohùn ni wọ́n máa ń gbá mú. Wọ́n lè fi ohùn Wòlíì gbàdúrà débi pé àwa yóò ti ṣe àmín tán kí a tó mọ̀ pé kò sí ọ̀rọ̀ kankan nínú rẹ̀.

Ní 1985, ohun tí Bàbá ti ń wá láti Yaizu wá wọn dé Houston. Olùdarí fíìmù ará Amẹ́ríkà kan tó ń jẹ́ Charles fẹ́ ṣe fíìmù nípa ọkọ̀ òkun Japan kan, ó sì ní Bàbá ni kí wọ́n ṣe ọ̀gá ọkọ̀ náà. Ọ̀gá ọkọ̀ ni gbogbo ìtàn náà dá lé. Orúkọ Bàbá ni yóò kọ́kọ́ hàn. Bàbá ṣí ìwé eré láti ẹ̀yìn, bí ìṣe wọn. Ọ̀gá ọkọ̀ náà kú, wọ́n sì tẹ́ ẹ sínú pósí lójú gbogbo èrò ọkọ̀.

Gbogbo wa ni a dá sí i. Evelyn fúnra wọn ní kí Bàbá gbà á, pé ìyá àwọn ni, àwọn mọ bí àwọn á ṣe bẹ̀ ẹ́. Wòlíì Cornelius ní, "Alàgbà, this is your chance o. Ìyá wà ní Ìkìrun, àwa wà ní Houston. Ta ló fẹ́ sọ fún wọn?"

Bàbá ní, "Èmi ni màá sọ fún wọn."

Ẹni tó bá pe Nàìjíríà nígbà yẹn mọ ìyà tó ń jẹ èèyàn kí ohùn tó dé òdìkejì. Wọ́n ní láti gbé Ìyá lọ sí ilé ẹbí kan ní Òṣogbo tó ní tẹlifóònù. Àwa tí a dúró ti Bàbá gbọ́ gbogbo ohun tí wọ́n sọ.

"Ìyá, ẹ jọ̀ọ́. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni."

"Ta ló kú?"

"Ọ̀gá ọkọ̀ kan ni, Ìyá. Kì í ṣe èmi."

"Ta ni wọ́n máa tẹ́ sínú pósí?"

Bàbá gbé tẹlifóònù sí etí kejì. Wọ́n ní, "Èmi ni."

Ìyá ní, "O ti dá ara ẹ lóhùn. Ṣé ara Fúnmi le?"

Bàbá dá ìwé eré padà. Ó dùn wọ́n, a kò ní purọ́. Wọ́n jókòó sínú ọkọ̀ wọn ní Pasadena láti ọ̀sán títí ilẹ̀ fi ṣú, wọ́n ń wo àwọn ọkọ̀ tó ń kọjá, nígbà tí Olúdayọ̀ sì wá wọn débẹ̀, wọ́n ní kó fún àwọn láyè díẹ̀ sí i. Ọkùnrin tó ti ń ṣe ìránṣẹ́ àti olè láti 1950, tí ọ̀gá ṣẹ̀ṣẹ̀ kàn, ló fi í sílẹ̀ nítorí ọ̀rọ̀ arúgbó kan tó wà ní Ìkìrun. Àwọn kan nínú wa pè é ní àṣejù. Inú bí Evelyn sí ìyá wọn fún oṣù bíi mélòó kan.

Charles kò jẹ́ kí Bàbá lọ lọ́wọ́ òfo. Ó ní kí wọ́n ṣe alásè ọkọ̀ náà, ẹni tí kò sọ ju gbólóhùn mélòó kan lọ. Bàbá lọ bá àwọn alásè nínú ọkọ̀ ní èbúté, wọ́n ń bá wọn fọ ìrẹsì, wọ́n ń jí ọwọ́ wọn. Nínú fíìmù náà, nígbà tí ọ̀gá ọkọ̀ kú, alásè ló wẹ̀ ẹ́, alásè ló pa á lójú dé, òun náà ló nu ọwọ́ rẹ̀ tó sì dé pósí.

Ní 1986, Ìyá Sìkírátù kó wá sí Houston pátápátá. Ní ọdún náà ni fíìmù jáde, gbogbo ìjọ sì lọ wò ó ní sinimá tó wà ní mall Sharpstown. Ìyá jókòó ti Bàbá bíi ti àtijọ́. Bí ìtàn ṣe ń lọ, wọ́n ń ṣọ́ alásè, wọ́n ń dúró de ibi tí yóò ti kú. Kò kú. Nígbà tó dé pósí tán, tó ku òun nìkan lójú aṣọ sinimá, Ìyá sọ ọ́ sókè láìbìkítà ẹni tó ń gbọ́: "Dúrósinmí. O káre." Orúkọ Bàbá hàn nígbẹ̀yìn gbẹ́yín, ó sì kéré, ṣùgbọ́n àtẹ́wọ́ tí a pa jẹ́ kí àwọn òyìnbó yíjú wò wá.

Láti ìgbà náà, Bàbá àti Ìyá di ọ̀rẹ́ tí ẹnikẹ́ni kò lè yà. Ìyá ń kírun lápá kan pálọ̀, Bàbá ń po tíì lápá kejì. Wọ́n ń jà lórí ìrẹsì. Ìyá kò gbà pé èèyàn gidi lè jẹ ìrẹsì funfun láìsí ọbẹ̀, Bàbá kò sì gbà pé ìrẹsì ṣẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí a fi ní láti da ata lé e lórí.

Ní ìparí 1987, àìsàn ọkàn kọlu Bàbá. Wọ́n ní kí a má jẹ́ kí Ìyá mọ bó ṣe le tó. Bí wọ́n bá ti gbọ́ ẹsẹ̀ Ìyá ní kọ́rídọ̀, wọ́n á dìde jókòó, wọ́n á fi ìrọ̀rí ti ẹ̀yìn, wọ́n á máa rẹ́rìn-ín bí ẹni tí nǹkan kan kò ṣe. Dókítà ní kí wọ́n máa fẹ̀yìn lélẹ̀. Wọ́n ní bẹ́ẹ̀ ni, ṣùgbọ́n kì í ṣe lójú Ìyá. Nínú gbogbo eré tí Bàbá ṣe láyé yìí, èyí ló ṣòro jù, àwa tí a wò ó mọ̀ bẹ́ẹ̀.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kẹrin oṣù October ọdún 1988, Ìyá wà lọ́dọ̀ Bàbá ní ọsibítù, wọ́n jọ sọ̀rọ̀ díẹ̀, Bàbá jókòó. Nígbà tí Ìyá dìde láti lọ ṣe àlùwàlá, Bàbá bi ìyàwó wọn bóyá Ìyá ti jáde. Evelyn ní bẹ́ẹ̀ ni. Bàbá ní kó bá àwọn yọ ìrọ̀rí ẹ̀yìn. Wọ́n dùbúlẹ̀, wọ́n sì lọ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́. Ẹni ọdún mẹ́rìnlélọ́gọ́ta ni wọ́n.

Gbogbo wa la mọ̀ pé àwáyé-àìkú kò sí. Síbẹ̀ ó dùn wá. Ọmọ tí wọ́n ní kó dúró sin ìyá kò lè dúró.

Bàbá fi aya sílẹ̀, Nọ́ọ̀sì Evelyn Ọmọ́yẹni Kuribara. Ọmọkùnrin, Ẹnjiníà Olúdayọ̀, tí Bàbá kò pè ní ọmọ ọkọ àárọ̀ ìyàwó wọn rí. Ọmọbìnrin, Fúnmi Haruko. Aya ọmọ, Adébùnmí. Ọmọ-ọmọ kan, Ọlákúnlé, tó ti mọ bí wọ́n ṣe ń sín èèyàn jẹ. Àbúrò ọkùnrin kan ní Yaizu. Wòlíì Cornelius Olúdọ̀tun àti gbogbo ìjọ. Àti Ìyá Sìkírátù.

Ìyá kò sí láàárín wa níbí. Ilé ni wọ́n jókòó sí, ní Sharpstown. Nígbà tí a ń ṣètò ìsìnkú yìí, a fi àga iwájú sílẹ̀ fún wọn, a sì ṣàlàyé fún wọn pé òbí ni kì í sin ọmọ, pé ní ti Bàbá, kò sí èèwọ̀, nítorí àna ni wọ́n jẹ́ sí wọn.

Ìyá ní, "Ta ni àna? Ṣé ẹ ti rí mi kí n tẹ̀lé ọmọ mi dé ibojì rí?"

Ìdí nìyẹn tí àga náà fi ṣófo. Ẹ má gbé ẹlòmíràn jókòó síbẹ̀. Ìyá ní kí a bá àwọn kọ ọ̀rọ̀ kan sínú ìwé yìí, kí a sì kà á sókè nígbà tí wọ́n bá fẹ́ dé pósí: pé ẹ̀jẹ́ tí Bàbá jẹ́ fún àwọn, wọn kò yẹ̀ ẹ́, pé ti òótọ́ wà lọ́wọ́ Ọlọ́run, àwọn sì ti bá a sọ ọ́ títí.

Dúrósinmí, ìyá yín ní ẹ ti ṣe é tó. Ẹ lè dùbúlẹ̀ wàyí.